ÌTÀN ORIN "YORÙBÁ RONÚ" ÀTI HUBERT ÒGÚNDÉ TÓ KỌ Ọ́: Ẹ̀KỌ́ FÚN OLÙKỌ́ ÈDÈ YORÙBÁ

Àṣamọ̀

Iṣẹ́ yìí ṣe àgbéyẹ̀wò ìtàn orin "Yorùbá Ronú" tí Olóyè Hubert Ògúndé gbé jáde ní 1964. Ó ṣàlàyé irú ẹni tí akọrin náà jẹ́, ipò tí àwùjọ wà nígbà tí orin náà wáyé, ìdí tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn Nàìjíríà ìgbà náà fi fòfin de ẹgbẹ́ eré rẹ̀, àti ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀ tó mú kí orin náà dà bí orin àwọn baba ńlá wa. Èrò wa ni pé orin tí a kò bá mọ ìtàn rẹ̀ rọrùn láti ṣì lò. Nítorí náà, a parí iṣẹ́ yìí pẹ̀lú àbá lórí bí olùkọ́ ṣe lè fi orin náà kọ́ni ní kíláàsì.

1.0 Ìfáàrà

Kò sí àwùjọ Yorùbá tí a kì í ti í kọrin. A ń kọrin síṣẹ́, a ń kọrin sí ìgbéyàwó, a ń kọrin sí ìsìnkú, a sì ń fi orin bá ẹni tó ṣàṣejù wí. Púpọ̀ nínú àwọn orin wọ̀nyí ni kò ní olóhun. Bí a bá bèèrè ẹni tó kọ́kọ́ dá wọn, ohun tí a ó gbọ́ ni pé àwọn àgbà ló fi wọ́n lé wa lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n àwọn orin mìíràn wà tí a mọ ẹni tó kọ wọ́n, tí a mọ ọdún tí wọ́n jáde àti ohun tó bí wọn, síbẹ̀ tí wọ́n ti wọ àwùjọ lára débi pé àwọn ọ̀dọ́ ń kà wọ́n mọ́ orin àtayébáyé. Irú orin bẹ́ẹ̀ ni "Yorùbá Ronú".

Bí ìjà bá ṣẹlẹ̀ láàrin àwọn aṣáájú Yorùbá, bí ìdìbò bá ń bọ̀, tàbí bí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ bá dojú rú, gbólóhùn méjì yìí ni ẹnu máa ń kọ́kọ́ wí. Ó ti di bí òwe. Bí ó sì ti di òwe náà ni ọ̀pọ̀ ènìyàn gbàgbé pé orin ni, pé eré orí ìtàgé ló bí orin náà, pé eré náà mú kí ìjọba gba oúnjẹ lẹ́nu odindi ẹgbẹ́ òṣèré fún nǹkan bí ọdún méjì. Àpilẹ̀kọ yìí fẹ́ dá ìtàn náà padà sí ibi tó yẹ. Tíọ́rì lámèyítọ́ ajẹmọ́-àwùjọ ni a fi ṣe òpómúléró iṣẹ́ wa, èyí tó gbà pé iṣẹ́ ọnà kì í já bọ́ láti ojú ọ̀run, àti pé àwùjọ tó bí i ló máa ń fún un ní ojú àti ìmú.

2.0 Ta ni Hubert Ògúndé?

Ìlú Òsósà, nítòsí Ìjẹ̀bú-Òde, ni a bí Hubert Ògúndé sí ní 1916. Pásítọ̀ ìjọ Onítẹ̀bọmi ni bàbá rẹ̀, ṣùgbọ́n ìdílé ìyá rẹ̀ kò tíì fi ẹ̀sìn ìbílẹ̀ sílẹ̀. Nípa bẹ́ẹ̀, orin ìyìn ṣọ́ọ̀ṣì ń dún sí etí kan, ìlù àti orin òrìṣà ń dún sí èkejì. Ní kékeré, ó máa ń bá àwọn eléégún aláàrìnjò ṣeré. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ibi tí Ògúndé ti kọ́ àpapọ̀ orin, ijó, ìlù àti ẹ̀fẹ̀ kò gbọdọ̀ fojú fo ìgbà èwe yìí.

Iṣẹ́ olùkọ́ ni ó kọ́kọ́ ṣe kí ó tó wọ iṣẹ́ ọlọ́pàá ní 1941. Ìgbà tó wà ní Ẹ̀bútẹ́ Mẹ́ta gẹ́gẹ́ bí ọlọ́pàá ni ìjọ Olúwa, tí í ṣe ìjọ Aládùúrà, ní kí ó bá wọn ṣe eré kan tí wọn yóò fi kówó jọ fún ilé ìjọsìn. Ní oṣù kẹfà 1944, ó gbé eré "The Garden of Eden and the Throne of God" kalẹ̀ ní gbọ̀ngàn Glover ní Èkó. Àwọn èrò fẹ́ràn rẹ̀ gan-an. Kó tó di ìgbà náà, àwọn eré tí a mọ̀ sí kàńtátà ní ṣọ́ọ̀ṣì kì í ju kí akọrin dúró sójú kan kí wọ́n sì máa kọrin lọ. Ògúndé fi ìṣesí, ijó àti ìlù kún un. Ní 1945, ó fi iṣẹ́ ọlọ́pàá sílẹ̀, ó dá ẹgbẹ́ African Music Research Party sílẹ̀, eré ṣíṣe sì di iṣẹ́ òòjọ́ rẹ̀.

Láti ìbẹ̀rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ àwùjọ ti ń jẹ ẹ́ lógún. Ìdaṣẹ́sílẹ̀ gbogbo-gbòò ti 1945, èyí tí Michael Imoudu jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn aṣáájú rẹ̀, ni ó fi ṣe eré "Strike and Hunger" ní ọdún náà gan-an. Ní 1946, àwọn aláṣẹ kò jẹ́ kí wọ́n ṣe eré yìí ní Jos, wọ́n sì bu owó ìtanràn lé Ògúndé. Nígbà tí ọlọ́pàá yìnbọn pa àwọn awakùsà èédú 21 ní Iva Valley, Enugu, ní oṣù kọkànlá 1949, Ògúndé fi eré "Bread and Bullet" dáhùn ní 1950. Nígbà tí Nàìjíríà sì fẹ́ gba òmìnira ní 1960, ìjọba àpapọ̀ fúnra rẹ̀ ló bẹ̀ ẹ́ pé kí ó ṣe eré nípa ìṣọ̀kan, tí ó sì gbé "Song of Unity" jáde.

Kókó tí a fẹ́ kí òǹkàwé mú níhìn-ín ni pé kì í ṣe 1964 ni Ògúndé ṣẹ̀ṣẹ̀ ń fi orin bá ìjọba sọ̀rọ̀. Ó ti ṣe é sí ìjọba àmúnisìn, ó sì ti jìyà rẹ̀. Ohun tó yàtọ̀ ní 1964 ni pé àwọn ọmọ ilẹ̀ rẹ̀, tí wọ́n jọ ń sọ èdè kan náà, ni ó wà lórí àlééfà.

3.0 Ohun tó ṣẹlẹ̀ kí orin náà tó jáde

Orin náà kò lè yé ẹni tí kò bá mọ ìjà tó wà láàrin ẹgbẹ́ Action Group, tí a mọ̀ sí Ẹgbẹ́ Ọlọ́pẹ. Ìlú Ọ̀wọ̀, tó wà ní ìpínlẹ̀ Oǹdó lónìí, ni wọ́n ti ṣí ẹgbẹ́ náà ní gbangba ní oṣù kẹrin 1951, Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ sì ni aṣáájú rẹ̀. Ẹgbẹ́ yìí ló ń ṣe ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn nígbà tí ètò ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ bẹ̀rẹ̀ ní 1955. Ní òpin 1959, Awólọ́wọ̀ lọ sí ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin àpapọ̀, Olóyè Samuel Ládòkè Akíntọ́lá sì di Pírémíà.

Kò pẹ́ tí àárín àwọn méjèèjì fi dàrú. Àríyànjiyàn wà lórí bí ẹgbẹ́ yóò ṣe bá àwọn ẹgbẹ́ òṣèlú mìíràn lò, ó wà lórí ètò ọrọ̀ ajé, ó sì wà lórí ẹni tí àṣẹ wà lọ́wọ́ rẹ̀ gan-an. Ìpàdé tí ẹgbẹ́ ṣe ní Jos ní oṣù kejì 1962 ló tú àṣírí ìjà náà síta. Ní ọjọ́ 25, oṣù karùn-ún 1962, àwọn aṣòfin ju àga lu ara wọn ní Ìbàdàn, ọlọ́pàá sì fi tajútajú tú ilé ká. Ọjọ́ mẹ́rin lẹ́yìn náà, ìjọba àpapọ̀ kéde ètò pàjáwìrì, wọ́n sì fi Dókítà Moses Májẹ̀kódùnmí ṣe alábòójútó agbègbè náà. Nígbà tí ètò náà parí ní ìbẹ̀rẹ̀ 1963, Akíntọ́lá padà sórí oyè.

Ohun méjì mìíràn ṣẹlẹ̀ ní 1963. Ní oṣù kẹjọ, wọ́n gé agbègbè Àárín-Ìwọ̀-Oòrùn kúrò lára agbègbè Ìwọ̀-Oòrùn. Ní ọjọ́ 11, oṣù kẹsàn-án, ilé ẹjọ́ rán Awólọ́wọ̀ ní ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́wàá lórí ẹ̀sùn pé ó gbìmọ̀ láti dojú ìjọba bolẹ̀. Ní oṣù kẹta 1964, Akíntọ́lá àti àwọn alábàáṣe rẹ̀ dá ẹgbẹ́ NNDP sílẹ̀, èyí tí gbogbo ayé mọ̀ sí Dẹ́mọ̀. Ilé pín sí méjì, ìdílé pín sí méjì. Ẹni tó jẹ́ Ọlọ́pẹ kò fẹ́ bá Dẹ́mọ̀ jẹun. Àkúrẹ́ àti Oǹdó kò yọ sílẹ̀ nínú rògbòdìyàn yìí, nítorí agbègbè Ìwọ̀-Oòrùn ni wọ́n wà títí di 1967 tí wọ́n dá àwọn ìpínlẹ̀ sílẹ̀, kí wọ́n tó wá dá ìpínlẹ̀ Oǹdó sílẹ̀ ní oṣù kejì 1976 pẹ̀lú Àkúrẹ́ gẹ́gẹ́ bí olú-ìlú.

4.0 Eré náà àti òfin tó tẹ̀lé e

Inú rògbòdìyàn yìí ni wọ́n ti pe Ògúndé. Ẹgbẹ́ Ọmọ Ọlọ́fin, ẹgbẹ́ àṣà kan tó sún mọ́ ìjọba Akíntọ́lá, ní kí ó wá ṣe eré níbi ayẹyẹ wọn ní Ìbàdàn ní 1964. Ó ṣeé ṣe kí àwọn tó pè é máa retí eré tí yóò yin ìjọba. Ohun tí Ògúndé gbé wá ni "Yorùbá Ronú".

Ìtàn eré náà dá lórí ọba kan tí igbákejì rẹ̀ dalẹ̀ rẹ̀, tó fà á lé ọ̀tá lọ́wọ́, tí wọ́n sì jù ú sí àtìmọ́lé. Ẹni tó dalẹ̀ gun orí ìtẹ́, ó di aninilára, ìyà sì jẹ ará ìlú títí wọ́n fi dìde sí i. Eré náà kò dárúkọ Awólọ́wọ̀, kò dárúkọ Akíntọ́lá. Ìlú inú àlọ́ ni ó lò. Ṣùgbọ́n àbọ̀ ọ̀rọ̀ là ń sọ fún ọmọlúàbí. Bí ó bá dé inú rẹ̀, yóò di odindi. Akíntọ́lá fúnra rẹ̀ sì jẹ́ ẹni tí ó gbọ́ Yorùbá dé góńgó, tí gbogbo ènìyàn mọ̀ sí ọ̀gá nínú ẹ̀dà ọ̀rọ̀. Kò sí bí àkàwé náà kò ṣe ní yé e. Inú bí òun àti àwọn ènìyàn rẹ̀, wọ́n dìde kúrò níbẹ̀.

Kò pẹ́ tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn fi kéde pé ẹgbẹ́ tí òfin kò fọwọ́ sí ni ẹgbẹ́ eré Ògúndé. Nípa bẹ́ẹ̀, wọn kò gbọdọ̀ ṣeré ní ibikíbi ní agbègbè náà. Kí akẹ́kọ̀ọ́ lè mọ bí èyí ṣe wúwo tó, kí ó rántí pé èdè Yorùbá ni Ògúndé fi ń ṣeré, pé agbègbè Ìwọ̀-Oòrùn sì ni ọ̀pọ̀ jù lọ àwọn tó ń sanwó wò ó ń gbé. Ẹgbẹ́ arìnrìn-àjò ni ẹgbẹ́ rẹ̀. Owó tí wọ́n bá pa ní ìlú kan ni wọ́n fi ń dé ìlú kejì. Púpọ̀ nínú àwọn òṣèré rẹ̀ sì jẹ́ ìyàwó àti ọmọ rẹ̀. Òfin yẹn kò mọ sórí eré kan ṣoṣo: ilé, oúnjẹ àti iṣẹ́ ni ó kàn. Èkó, tí kò sí lábẹ́ ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn nígbà náà, àti àwọn agbègbè mìíràn ni ẹgbẹ́ náà fi orí lé.

Ògúndé kò tọrọ àforíjì. Ní 1965, ó gbé eré mìíràn jáde, ó sì pè é ní "Òtítọ́ Korò". Orin "Yorùbá Ronú" náà ti wọ inú àwo rẹ́kọ́ọ̀dù, àwo kò sì nílò kí ẹgbẹ́ òṣèré wọ ìlú kó tó dún. Ìdìbò oṣù kẹwàá 1965 mú kí ìjà túbọ̀ le, a sì bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ́ "wẹ́tìẹ̀", ìyẹn dída epo bẹntiróòlù sí ilé àti ara ènìyàn kí a tó dáná sun wọ́n. Lẹ́yìn tí àwọn ológun gba ìjọba ní ọjọ́ 15, oṣù kìíní 1966, tí wọ́n sì pa Akíntọ́lá, Ọ̀gágun Adékúnlé Fájuyì di gómìnà agbègbè náà. Ní oṣù kejì ọdún náà ni ó gbẹ́sẹ̀ kúrò lórí òfin tó de Ògúndé.

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ọba kì í pa ọ̀kọrin. Òwe yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹnu lásán. Àṣà gidi ló wà lẹ́yìn rẹ̀. Nínú Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní Kétu àti agbègbè rẹ̀, ẹ̀fẹ̀ máa ń fi orin tú àṣírí ẹni tó bá hùwà ìbàjẹ́, ìbáà ṣe ìjòyè, kò sì sẹ́ni tó lè mú un. Ní Ìbàdàn, ọjọ́ ọdún Òkè'Bàdàn ni ọjọ́ tí ẹnu gbogbo máa ń ṣí sílẹ̀. Àwọn baba wa mọ̀ pé àwùjọ tí kò ní ibi tí òótọ́ ti lè jáde yóò bú gbàmù. Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní 1964 fi hàn pé òfin tí a jogún lọ́wọ́ ìjọba àmúnisìn ti borí àṣà yìí. Ìjọba àwọn ọmọ Yorùbá fi òfin àjèjì pa ẹnu ọ̀kọrin Yorùbá mọ́.

5.0 Ọgbọ́n ìsọ̀rọ̀ inú orin náà

5.1 Àkọlé

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo àkọlé. Ọ̀rọ̀-ìṣe "ronú" wá láti ara "rò" àti "inú". Gẹ́gẹ́ bí òfin èdè Yorùbá, ohùn ìsàlẹ̀ tó wà lórí ọ̀rọ̀-ìṣe onísílébù kan máa ń di ohùn àárín bí ọ̀rọ̀-orúkọ bá tẹ̀lé e gẹ́gẹ́ bí àbọ̀, bí a ti ń rí i nínú "rà" àti "ra aṣọ". "Rò" di "ro", a pa fáwẹ̀lì "i" jẹ, a sì ní "ronú". Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé kí ènìyàn yẹ inú ara rẹ̀ wò. Ògúndé kò sọ pé kí Yorùbá jà, kò sọ pé kí wọ́n gbẹ̀san. Iṣẹ́ inú ni ó rán wọn.

Gbólóhùn àṣẹ ni àkọlé náà, ṣùgbọ́n kò sí "ẹ" nínú rẹ̀. Ní àwùjọ wa, ẹni tó bá ń bá ọ̀pọ̀ ènìyàn sọ̀rọ̀, tí àgbà sì wà láàrin wọn, "ẹ ronú" ni ó yẹ kí ó sọ. Nígbà tí akọrin wí pé "Yorùbá, ronú", ó sọ gbogbo ẹ̀yà di ẹnì kan ṣoṣo tó ní inú kan ṣoṣo. Nínú àwùjọ tó ti pín sí Ọlọ́pẹ àti Dẹ́mọ̀, pípè tí ó pè wọ́n bí ẹnì kan jẹ́ ẹ̀kọ́ fúnra rẹ̀.

5.2 Àwòrán ọ̀rọ̀

Orin náà bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú akọrin tó wo ayé, tó tún gbójú sókè wo ọ̀run, tí ibi méjèèjì kò sì fún un ní ìtura. Lẹ́yìn èyí, ó yin Yorùbá pẹ̀lú àfiwé tààrà tó fi wọ́n wé iná àti òkun, kí ó tó wá fi ipò tí wọ́n ti wà hàn. Ọgbọ́n àwọn asunrárà àti oníjálá nìyí: wọn a ki ènìyàn kí wọ́n tó bá a wí. Ẹni tí a ti rán létí bí ó ṣe tóbi tó ni ìtìjú yóò mú nígbà tí a bá fi bí ó ṣe kéré hàn án.

Àwòrán tó gbajúmọ̀ jù nínú orin náà ni ti bọ́ọ̀lù, tí àwọn ẹlòmíràn ń gbá sókè sódò. Àfiwé ẹlẹ́lọ̀ọ́ ni, ó sì yàtọ̀ sí àwọn àwòrán ìbílẹ̀ nítorí pé ohun ìgbàlódé ni bọ́ọ̀lù. Agbára àwòrán yìí wà nínú pé akọrin kò sọ pé àwọn ọ̀tá ló sọ Yorùbá di bọ́ọ̀lù. Àwọn fúnra wọn ló sọ ara wọn dà bẹ́ẹ̀. Ibẹ̀ sì ni ẹ̀bi wà.

Àwọn àfihàn mìíràn wà tí kò lè yé ọ̀dọ́ òde òní láìmọ ìtàn. Akọrin mẹ́nu ba ohun kékeré tí wọ́n tún gé kúrú sí i. Ẹni tó bá rántí oṣù kẹjọ 1963 yóò ronú kan gígé tí wọ́n gé agbègbè Ìwọ̀-Oòrùn. Ó mẹ́nu ba àwọn tí a ń kó ẹjọ́ lọ bá tẹ́lẹ̀ tí wọ́n wá di ẹni tí ẹjọ́ kàn. Ó ṣòro kí ẹni tó gbọ́ ọ ní 1964 má rántí Awólọ́wọ̀, agbẹjọ́rò tó di ẹlẹ́wọ̀n. Ó tún lo àwòrán àgùntàn tó wà níwájú abọrẹ̀, ẹran tó ń wo ọ̀bẹ láìlè fọhùn. Nípa báyìí, ìtàn ọdún méjì wà nínú orin kékeré kan, láìdárúkọ ẹnikẹ́ni.

5.3 Arọ́pò-orúkọ

Ohun kan tí a kò gbọdọ̀ fojú fò ni bí arọ́pò-orúkọ ṣe yí padà. Nígbà tí akọrin ń ka àléébù, arọ́pò-orúkọ ẹni kẹta ọ̀pọ̀ ni ó ń lò fún Yorùbá, bí ẹni pé ó dúró lókèèrè. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó dé ibi ìrètí àti àdúrà sí Olódùmarè, ó bọ́ sí ẹni kìíní ọ̀pọ̀: òun náà wọ inú wọn. Adájọ́ di ẹlẹ́bẹ̀, àlejò di ọmọ ilé. Orin náà kò parí sínú ọ̀fọ̀. Ó parí sórí pé ìyà kì í wà títí láé, àti pé ìmọ́lẹ̀ ń bọ̀ lẹ́yìn òkùnkùn. Àwọn tó pè é ní orin èébú kò fetí sí apá kejì rẹ̀.

5.4 Ohùn èdè àti ohùn orin

Ìdí pàtàkì tí orin náà fi dà bí orin ìbílẹ̀ ni pé ohùn orin rẹ̀ ń tẹ̀lé ohùn èdè. Bí a bá fi "dò" dúró fún ohùn ìsàlẹ̀, "re" fún ti àárín, àti "mí" fún ti òkè, "Yorùbá" yóò jẹ́ re-dò-mí, "ronú" yóò sì jẹ́ re-mí. Àwọn òyìnbó ajíhìnrere kò ka èyí sí nígbà tí wọ́n ń túmọ̀ ìwé orin. Orin Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n gbé ọ̀rọ̀ Yorùbá lé. Bí ohùn orin bá sì wọ́ ohùn èdè nílẹ̀, "ọkọ" lè di "ọkọ́", ó sì tún lè di "ọkọ̀". Àwọn bíi Àlùfáà J. J. Ransome-Kuti, tó gba ọ̀pọ̀ orin sínú àwo ní Lọ́ńdọ̀nù ní 1922, Ekúndayọ̀ Phillips, tó kọ ìwé "Yoruba Music" ní 1953, àti Àlùfáà Olájídé Olúdé ti ìjọ Mẹ́tọ́díìsì ṣiṣẹ́ láti dá orin Yorùbá padà sórí ohùn rẹ̀. Inú àṣà àtúnṣe yìí ni Ògúndé dàgbà sí. Ó mú un kúrò ní ṣọ́ọ̀ṣì, ó gbé e dé ìtàgé, ó fi lílé àti ègbè kún un kí ẹni tó bá gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan lè gbè é ní ẹ̀ẹ̀kejì. Orin tó bá ohùn èdè mu kì í pẹ́ wọ ètè.

6.0 Ṣé orin ẹgbẹ́ òṣèlú ni?

Ìbéèrè yìí kì í tán lẹ́nu. Àwọn kan gbà pé Ògúndé gbè sẹ́yìn Awólọ́wọ̀. Ẹ̀rí wọn ni ìtàn ọba tí igbákejì dalẹ̀ rẹ̀, èyí tó bá ìròyìn tí àwọn Ọlọ́pẹ ń sọ mu régí. Kò sí bí a ṣe lè sọ pé ẹ̀rí yìí kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀.

Ṣùgbọ́n ó yẹ kí a ya eré sọ́tọ̀ kúrò lára orin. Eré náà ní ẹni rere àti ẹni burúkú, ó dájọ́. Orin náà kò ní akọni kankan. Gbogbo Yorùbá ni ó bá wí, gbogbo Yorùbá náà ni ó sì gbàdúrà fún. Bí ó bá jẹ́ pé Dẹ́mọ̀ nìkan ni ọ̀rọ̀ náà bá wí ni, ì bá ti kú pẹ̀lú Dẹ́mọ̀ ní 1966. Ohun tó jẹ́ kó wà láàyè ni pé ẹgbẹ́ tó bá jẹ gàba lónìí ni ọ̀rọ̀ náà máa ń bá wí lónìí.

Èyí náà ni ewu rẹ̀. Ẹnikẹ́ni lè gbé e. A ti rí i tí àwọn olóṣèlú ń sọ ọ́ sí ẹlẹ́gbẹ́ wọn, tí "ronú" wá túmọ̀ sí "tẹ̀ lé mi". A sì tún ń gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn tó fẹ́ fi kó ìkórìíra sí àwọn ẹ̀yà mìíràn lára. Ìlò méjèèjì lòdì sí orin náà. Ẹni tó kọ ọ́ kò nàka síta. Ó ní kí onílé wo inú ilé.

7.0 Bí olùkọ́ ṣe lè fi kọ́ni

Ní ojú tiwa, ẹrù iṣẹ́ wà lọ́rùn olùkọ́ èdè Yorùbá lórí irú orin báyìí. Àbá mẹ́rin ni a mú wá fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́-olùkọ́.

Èkíní, kí olùkọ́ dárúkọ olórin kí ó tó fi orin kọ́ni. Bí a bá ń kọ́ ọmọ pé gbogbo orin Yorùbá ló jẹ́ ti "àwọn àgbà", a ń kọ́ ọ pé Yorùbá kò ní òǹkọ̀wé. Orúkọ, ìlú àti ọdún kò gbọdọ̀ sọnù.

Èkejì, kí olùkọ́ so orin mọ́ ìtàn. Ní Àkúrẹ́, Oǹdó, Ọ̀wọ̀ àti àwọn ìlú tó yí wọn ká, àwọn àgbà tó rí ọjọ́ Ọlọ́pẹ àti Dẹ́mọ̀ ṣì wà, ṣùgbọ́n wọ́n ń dínkù lọ́dọọdún. Kí akẹ́kọ̀ọ́ lọ bá wọn, kí ó gba ohùn wọn sílẹ̀, kí ó sì kọ ohun tí wọ́n bá sọ. Kí olùkọ́ kìlọ̀ fún un pé kí ó bèèrè lọ́wọ́ ìhà méjèèjì, nítorí agbọ́ẹjọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni.

Ẹ̀kẹta, kí a fi orin náà kọ́ gírámà. A ti fi hàn lókè pé àkọlé oní-ọ̀rọ̀ méjì péré tó láti kọ́ni ní ìparọ́ ohùn, ìpajẹ fáwẹ̀lì, gbólóhùn àṣẹ àti ìlò arọ́pò-orúkọ. Akẹ́kọ̀ọ́ tí gírámà ń sú lè fẹ́ràn rẹ̀ bí ó bá rí i nínú ohun tí ẹnu rẹ̀ ti mọ̀.

Ẹ̀kẹrin, kí a má ṣe sọ kíláàsì di pápá ìpolongo ìbò. Kí olùkọ́ gbé èrò méjèèjì tó wà ní abala 6.0 síwájú akẹ́kọ̀ọ́, kí wọ́n sì jiyàn pẹ̀lú ẹ̀rí. Ẹni tó fi orin tó ní kí a ronú kọ́ni, tí kò sì jẹ́ kí akẹ́kọ̀ọ́ ronú, kò tíì kọ́ni.

A tún fẹ́ rọ àwọn tó ń ṣètò ẹ̀kọ́ ní àwọn ilé iṣẹ́ ìjọba tó wà ní Alágbàká, Àkúrẹ́, pé kí wọ́n fi ìtàn àwọn akọrin àti òṣèré Yorùbá kún ohun tí a ń kọ́ ní ilé ẹ̀kọ́ girama. Ìwé tí Ebun Clark kọ lórí Ògúndé ní 1979 wà, ṣùgbọ́n Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi kọ ọ́. Ẹni tó fi Yorùbá ṣeré fún ohun tó lé ní ogójì ọdún yẹ lẹ́ni tí a ń fi èdè Yorùbá kọ ìtàn rẹ̀.

8.0 Àgbálọgbábọ̀

Nínú iṣẹ́ yìí, a ti rí i pé "Yorùbá Ronú" kì í ṣe orin aláìlóhun. Ọmọ pásítọ̀ tó bá eléégún ṣeré ní èwe, tó ti ṣe olùkọ́ àti ọlọ́pàá rí, ni ó kọ ọ́ ní ìgbà tí ilé Yorùbá ń jó. A ti fi hàn pé ìjọba fi òfin dè é, pé òfin náà lọ, orin sì wà síbẹ̀. Ògúndé gbé ayé títí di ọjọ́ 4, oṣù kẹrin 1990, tó jáde láyé ní Lọ́ńdọ̀nù, lẹ́yìn tí ó ti ṣe fíìmù bíi "Ayé" àti "Jáíyésinmi", tí ìjọba àpapọ̀ sì ti fi iṣẹ́ kíkó ẹgbẹ́ òṣèré orílẹ̀-èdè jọ lé e lọ́wọ́.

Àwọn tó fòfin dè é àti àwọn tó yìn ín ti lọ tán. Ohun tó kù ni gbólóhùn oní-ọ̀rọ̀ méjì tí ọmọdé ilé ẹ̀kọ́ ń kọ láìmọ ohun tó ná ẹni tó kọ ọ́. Iṣẹ́ wa ni láti sọ fún wọn.